Bí A Ṣe Ń Kọ Orin Sínú Fíìmù, Tí A Sì Ń Jẹun Níbẹ̀: Ìtọ́sọ́nà fún Ẹni Tó Ń Bẹ̀rẹ̀ l'Ékòó

Ọdún kejì tí mo wọ iṣẹ́ yìí ni mo kọ orin fún fíìmù kan tí wọ́n yà ní Ṣómólú. Ìyàwó ilé dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó ń retí ọkọ rẹ̀ tó ti lọ sí ìdálẹ̀ láti ọdún méje. Bí ọkùnrin náà ṣe yọ láti ìsàlẹ̀ àdúgbò báyìí ni orin gbà á: "Ọkọ mi dé." Mo fẹ́ kí ohùn náà gbéra sókè, mo bá fi re, mi, re, mi sí i. Ó dùn létí mi. Lọ́jọ́ tí a gbé fíìmù náà fún àwọn ìyá mélòó kan wò ní pálọ̀ pùródúsà ní Sùúrùlérè, ibi tó yẹ kí omi bọ́ lójú wọn gan-an ni wọ́n ti bú sẹ́rìn-ín. Ọ̀kan nínú wọn bi mí pé, "Ọmọ mi, ọkọ́ wo ló dé? Ṣé oko ni wọ́n fẹ́ ro ni?" Ohùn tí mo fi sí i ti sọ ọkọ di ọkọ́. Òṣèré obìnrin náà ti fi gbogbo ara ṣe iṣẹ́ rẹ̀, orin mi ló bà á jẹ́. Ó dùn mí wọra. Mo padà sílé, mo tún un kọ: re, re, re, mi. Ohùn mẹ́rin péré ni.

Ohun tí mo fẹ́ kí o fi sọ́kàn kí a tó bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Ọ̀rọ̀ Yorùbá ti ní orin tirẹ̀ nínú kí ìwọ tó dé. Iṣẹ́ rẹ nínú fíìmù ni kí o gbọ́ orin yẹn, kí o fi àyè sílẹ̀ fún un, kí o má sì bò ó mọ́lẹ̀. Àwọn ìgbésẹ̀ tó kù, títí kan ti owó, orí èyí ni wọ́n dúró lé.

1. Kọ́ etí rẹ kí o tó ra irinṣẹ́

Kọ ọ̀rọ̀ orin náà sílẹ̀ pẹ̀lú àmì ohùn rẹ̀ pé pérépéré. Lórí ìró kọ̀ọ̀kan, kọ do fún ohùn ìsàlẹ̀, re fún ti àárín, mi fún ti òkè. Lẹ́yìn náà, kùn ún láìpe ọ̀rọ̀ rárá, bí ìgbà tí onígángan bá ń fi ìlù sọ ọ́. Wá pe ẹni tí kò tíì rí ọ̀rọ̀ náà kó wá gbọ́. Bí onítọ̀hún bá lè sọ ohun tí ò ń wí tàbí ohun tó sún mọ́ ọn, orin rẹ ti fẹsẹ̀ múlẹ̀. Bí ó bá gbọ́ nǹkan mìíràn, tún un ṣe.

Èyí kò túmọ̀ sí pé orin yóò jókòó sórí ohùn mẹ́ta yẹn títí. Ohun tí mò ń wí ni pé níbi tí ọ̀rọ̀ bá ti gòkè, kí orin má sọ̀ kalẹ̀. Níbi tó bá ti sọ̀ kalẹ̀, kí orin má gbéra. Bí fífò náà ṣe gùn tó, ọwọ́ rẹ ló wà. Ibi tí ohùn bá ti dọ́gba, o lè yí i díẹ̀ láìsí ewu. Tí ọ̀gá orin bá sì ti pe gbólóhùn náà kó yéni yékéyéké, àwọn elégbè lè gbà á ní ohùn tó wù wọ́n, nítorí olùgbọ́ ti mọ ohun tí wọ́n ń sọ.

Ìjà yìí ti pẹ́ nílùú Èkó. Nígbà tí wọ́n túmọ̀ orin ìsìn sí Yorùbá láyé àtijọ́, ohùn orin àwọn òyìnbó ni wọ́n kàn gbé wọ ọ̀rọ̀ wa, ọ̀pọ̀ ọ̀rọ̀ ló sì yí ìtumọ̀ padà lẹ́nu àwọn tó ń kọ ọ́. Thomas Ekundayo Phillips, tó tẹ dùrù ní Kàtídírà Màrínà láti 1914 títí di 1962, wà lára àwọn tó dìde sí i, tó ń kọ orin tó bá ohùn ọ̀rọ̀ lọ. Bí o bá wà ní Ìsàlẹ̀ Èkó lọ́jọ́ Ìsinmi, lọ jókòó sẹ́yìn ní ṣọ́ọ̀ṣì yẹn, kí o gbọ́ akọrin. Bí o bá fẹ́ kọ́ bí a ṣe ń kọ orin sínú ìwé, ilé ẹ̀kọ́ orin MUSON wà ní Oníkan níbẹ̀.

2. Mọ ìlù, kí o sì mọ ọdún

Mo ti fi bàtá sábẹ́ ìran kan tí wọ́n ti ń bọ Ọbàtálá. Bàbá àyàn kan tí mo pè wá láti Mùṣín fetí sí i, ó gbé ọwọ́ kúrò lórí ìlù, ó ní òun kò ní lù ú. Kò bínú o. Ó jókòó tì mí, ó sì là á yé mi: ìgbìn ni ti Ọbàtálá, Ṣàngó àti egúngún ló ni bàtá, ìpèsè ni ti Ifá, àgẹ̀rẹ̀ ni ti àwọn ọdẹ. Olùdarí fíìmù náà kò mọ̀, èmi náà kò mọ̀, ṣùgbọ́n àwọn tó mọ̀ yóò wo fíìmù náà. Láti ọjọ́ náà, n kì í kọ orin sí ìran ìbílẹ̀ láì kọ́kọ́ bi àgbà àyàn léèrè. Mo sì máa ń san owó ìbéèrè yẹn lọ́tọ̀, yàtọ̀ sí owó ìlù.

Bákan náà ni ọ̀rọ̀ ọdún. Fíìmù tí ìtàn rẹ̀ ṣẹlẹ̀ ní Èkó ní 1950 kò gbọdọ̀ ní fújì nínú. Inú wéré tí àwọn ọmọ máa ń fi jí ènìyàn sáàrì ni fújì ti jáde, ìgbà tí àwọn ọdún 1960 ń parí lọ ló sì gba orúkọ yẹn. Fi sákárà, agídìgbo tàbí háíláìfù síbẹ̀. Bí ó bá jẹ́ jùjú ìgbà Tunde King ní Ọlọ́wọ́gbowó, ní àwọn ọdún 1930, báńjò, ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀, tamborín àti ohùn ènìyàn ni wọ́n ń lò. Ẹ̀yìn Ogun Àgbáyé Kejì ni gángan tó wọ jùjú. Àwọn òǹwòran tó dàgbà máa ń mọ̀ bí ó bá ti yàtọ̀, kódà bí wọn kò bá lè sọ ohun tó fà á.

3. Irinṣẹ́

N kò ní pẹ́ lórí èyí, nítorí ibẹ̀ ni àwọn ọ̀dọ́ ń ná owó sí jù. Láàpútọ́ọ̀pù kan tó lágbára díẹ̀, kíbọ́ọ̀dù kékeré, máìkì kan tó dára, hẹ́ẹ̀dìfóònù tó bo etí, àti háàdì díráìfù méjì. Fún ètò kọ̀ǹpútà tí wàá fi ṣiṣẹ́, Reaper kò wọ́n, ó sì lè ṣí fíìmù sójú kan náà pẹ̀lú orin. FL Studio ni ọ̀pọ̀ wa fi bẹ̀rẹ̀, kò sì burú. Ṣùgbọ́n èyí tó wà fún ìdánwò kò ní jẹ́ kí o tún iṣẹ́ tí o ti tọ́jú ṣí, nítorí náà má fi gba iṣẹ́ ẹni ẹlẹ́ni.

Ohun tí mo rò pé ó ṣe pàtàkì jùyẹn lọ ni ariwo àdúgbò. Ní Mainland, kò sí wákàtí tí jẹnẹrétọ̀ ẹnì kan kò ní máa kùn. Èmi máa ń gba ohùn àti ìlù sílẹ̀ láàrin aago méjì sí mẹ́rin òru, nígbà tí ọ̀pọ̀ ilé bá ti pa jẹ́n. Bátìrì ni mo fi ń gbé láàpútọ́ọ̀pù, ẹ̀rọ amúlétutù mi á sì wà ní pípa. Mo fi bùláńkẹ́ẹ̀tì mẹ́ta kọ́ ara ògiri, mo sì máa ń gba ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀ sílẹ̀ níwájú wọ́dúróòbù tó ṣí sílẹ̀, tí aṣọ kún inú rẹ̀. Aṣọ máa ń gbé ìró tó ń ta padà mì. Òjò lórí páànù nìkan ni n kò tíì rí nǹkan ṣe sí. Bí ó bá ti ń rọ̀, lọ sùn.

4. Jókòó ti olùdarí kí o tó kọ ohùn kan

Èyí ni ọ̀pọ̀ ń fò. Wọ́n á fi fíìmù ránṣẹ́ lórí WhatsApp, wọ́n á ní, "Sáà fi orin sí i." Má gbà bẹ́ẹ̀. Sọ pé, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fún mi ní ọ̀sán kan péré, ká jọ wò ó." Wo fíìmù náà láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin pẹ̀lú rẹ̀, kí aago máa hàn lórí àwòrán. Níbi kọ̀ọ̀kan tó bá ní kí orin wọlé, bi í ní ohun mẹ́ta: Ta ló ni ìmọ̀lára yìí nínú ìran? Kí ni òǹwòran ti mọ̀ tí ẹni inú fíìmù kò tíì mọ̀? Níbo ni orin yóò ti jáde? Kọ ìdáhùn sílẹ̀ pẹ̀lú wákàtí, ìṣẹ́jú àti ìṣẹ́jú-àáyá.

Ìbéèrè kẹta ló le jù. Gbogbo ènìyàn mọ ibi tí orin ti ń wọlé. Ibi tó ti ń jáde ni a fi ń mọ akọrin tó gbọ́n. Bí ìyá bá ń sunkún lórí òkú ọmọ rẹ̀, tí igbe rẹ̀ sì jinlẹ̀, yọ orin kúrò pátápátá. Ó máa ń ká mi lára láti rí bí wọ́n ṣe ń da gòjé òyìnbó inú kọ̀ǹpútà sórí gbogbo omijé nínú fíìmù wa, bí ẹni pé ẹkún kò tó.

Béèrè nípa orin tí èdítọ̀ ti fi sí i fún ìgbà díẹ̀. Ó ṣeé ṣe kí olùdarí ti fẹ́ràn rẹ̀ ju bó ṣe yẹ lọ. Bi í léèrè ohun tó fẹ́ràn níbẹ̀, ṣé eré sísá rẹ̀ ni, ṣé ìlù rẹ̀, ṣé ìdákẹ́jẹ́ rẹ̀, kí o kọ nǹkan tìrẹ tó ní ohun náà. Má ṣe da orin ẹlòmíràn kọ. Kí o sì rí i dájú pé fíìmù náà ti wà ní gígé parí. Bí wọ́n bá yọ ìṣẹ́jú-àáyá mẹ́ta lẹ́yìn tí o ti kọ orin tán, gbogbo ìṣirò rẹ ti dàrú nìyẹn.

Béèrè bákan náà pé àwòrán mélòó ló wà nínú ìṣẹ́jú-àáyá kan, 24 ni àbí 25. Fíìmù oníṣẹ́jú 100 tí a yà ní 24, bí ẹnì kan bá sáré rẹ̀ ní 25, ìṣẹ́jú 96 ni yóò gbà. Orin rẹ yóò sì máa bọ́ lẹ́yìn díẹ̀díẹ̀ títí yóò fi dé òpin fíìmù.

5. Kíkọ ọ́ gan-an

Jẹ́ kí n fi ìran kan ṣe àpẹẹrẹ. Ìyá àgbà ṣí àpótí, ó ń wá nǹkan, ìran náà sì jẹ́ ìṣẹ́jú-àáyá 100. Nígbà tó pé ìṣẹ́jú-àáyá 65, ọwọ́ rẹ̀ kan aṣọ òkè tí ó fi ṣe ìgbéyàwó. Ibẹ̀ ni ọkàn ìran náà. Bí mo bá fi orin sí bíìtì 96 ní ìṣẹ́jú kan (bíìtì ni ìgbà kọ̀ọ̀kan tí ẹsẹ̀ ń lu ilẹ̀ bá orin), bíìtì 160 ni yóò wà nínú gbogbo ìran náà, èyí tó jẹ́ báà 40 tí báà kọ̀ọ̀kan bá ní bíìtì mẹ́rin. Ìṣẹ́jú-àáyá 65 jẹ́ bíìtì 104, ìyẹn báà 26 géérégé. Nítorí náà, bí báà kẹtàdínlọ́gbọ̀n bá ṣe ń bẹ̀rẹ̀ ni ọwọ́ rẹ̀ kan aṣọ. Mo lè jẹ́ kí agídìgbo máa rìn lọ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ fún báà 26, kí ohùn obìnrin kan wá wọlé ní ìbẹ̀rẹ̀ èyí tó tẹ̀ lé e. Òǹwòran kò ní mọ̀ pé a ṣírò rẹ̀. Bí bíìtì 96 kò bá bọ́ síbi tó yẹ, gbìyànjú 94 tàbí 98, ṣùgbọ́n má sáré ju ẹsẹ̀ òṣèré lọ.

Níbi tí wọ́n bá ti ń sọ̀rọ̀, ṣọ́ra fún gángan àti ìyáàlù dùndún. Ìlù tó ń sọ̀rọ̀ ni wọ́n. Bí o bá fi gángan sábẹ́ ọ̀rọ̀ òṣèré, ẹni méjì ló ń sọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, etí Yorùbá yóò sì máa yà sí èkejì láti mọ ohun tó ń wí. Fi gúdúgúdú, agogo tàbí ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀ sábẹ́ ọ̀rọ̀. Jẹ́ kí gángan dúró de ibi tí òṣèré bá ti mí, kó wá dá a lóhùn níbẹ̀. Bí o bá ṣe èyí dáadáa, ìlù yóò di ẹnì kan nínú ìran náà. Kí o sì máa bi onílù pé, "Bàbá, kí lẹ ń fi ìlù sọ?" kí o tó gbà á sílẹ̀. Mo ti bá òwe kan pàdé nínú iṣẹ́ tí mo ti fẹ́ fi ránṣẹ́, òwe tó ń bú olóògbé ní ibi ìsìnkú rẹ̀.

Ní ti orin tó ní ọ̀rọ̀, èyí tí gbogbo wa ń pè ní soundtrack: ó ti mọ́ wa lára láti jẹ́ kí ó ro gbogbo ìtàn tán kí ìtàn tó ṣẹlẹ̀. Mo bẹ̀ ọ́, má tú àṣírí ẹni tó pa ọba nínú ẹsẹ̀ orin kìn-ín-ní. Kọ nípa ìmọ̀lára, kí o fi ìṣẹ̀lẹ̀ sílẹ̀ fún òṣèré.

6. Bí iṣẹ́ ṣe ń wá

Ọ̀nà èdítọ̀ ni mo mọ̀ jù. Òun ni ó kọ́kọ́ ń fi orin sí fíìmù, òun náà sì ni olùdarí máa ń bi pé, "Ta lo mọ̀ tó lè ṣe orin fún wa?" Wá èdítọ̀ mẹ́ta ní Sùúrùlérè tàbí Ìkẹjà, kí o fún wọn ní orin kéékèèké tí wọ́n lè fi dán iṣẹ́ wò, kí orúkọ àti nọ́ńbà fóònù rẹ wà lórí fáìlì kọ̀ọ̀kan. Lọ bá àwọn akẹ́kọ̀ọ́ eré orí ìtàgé ní UNILAG, Akọkà, ní àkókò tí wọ́n ń ṣe iṣẹ́ àṣekágbá. Owó kò pọ̀ níbẹ̀, ṣùgbọ́n àwọn ni olùdarí ọ̀la. Kí o má sì fojú kéré fíìmù kékeré: inú fíìmù Yorùbá ni ọ̀pọ̀ ilé ti kọ́kọ́ mọ ohùn Tọ́pẹ́ Àlàbí.

7. Ìwé àdéhùn

Pùródúsà kan san owó orin kan fún mi. Lẹ́yìn ọdún kan, mo gbọ́ orin náà nínú fíìmù rẹ̀ mìíràn, lẹ́yìn náà nínú ìkẹta. Mo pè é. Ó ní, "Àbúrò, ṣebí mo ti ra á." Kò sí ohun tí mo lè fi hàn, àfi "ok" tí mo tẹ̀ lórí WhatsApp. Mo wò ó títí, mo dákẹ́. Kò yẹ kí ìwọ dákẹ́ bẹ́ẹ̀.

Òfin Kópíráìtì 2022, tí Ààrẹ Muhammadu Buhari bu ọwọ́ lù ní oṣù Kẹta ọdún 2023, dáàbò bo orin rẹ láti ìgbà tí o bá ti gbà á sílẹ̀ tàbí kọ ọ́ sílẹ̀. Ẹ̀tọ́ rẹ lórí orin tí o kọ yóò wà títí ọjọ́ ayé rẹ, àti fún ọdún 70 lẹ́yìn rẹ. Bí o bá fẹ́ gbé ẹ̀tọ́ náà fún ẹlòmíràn, àfi kí ó wà nínú ìwé. Nítorí náà, ojú ìwé kan péré ti tó, bí àwọn nǹkan wọ̀nyí bá wà nínú rẹ̀: orúkọ fíìmù, ìṣẹ́jú orin tí wàá kọ, iye ìgbà tí wọ́n lè ní kí o tún un ṣe láìsan owó sí i (mo máa ń kọ ẹ̀ẹ̀mejì), bóyá fíìmù kan ṣoṣo yìí ni àbí òmíràn náà, ibi tí wọ́n lè gbé e sí, orúkọ rẹ bí yóò ṣe hàn lójú fíìmù, àti ẹni tí yóò san owó onílù àti olórin. Bí ó bá fẹ́ rà á pátápátá, ó lè rà á, ṣùgbọ́n owó ìyẹn yàtọ̀, kí ìwọ náà sì mọ̀ pé o ti tà á.

Bí o bá ń dá iye lé e, ìṣẹ́jú orin ni kí o fi ṣírò, má fi gígùn fíìmù ṣe é. Gba ìdajì kí o tó bẹ̀rẹ̀. Fi èyí tí ohùn rẹ ń sọ "fún wíwò nìkan" nínú rẹ̀ ránṣẹ́ kí wọ́n fọwọ́ sí i. Nígbà tí owó tó kù bá wọlé ni kí o tó fi èyí tó mọ́ ránṣẹ́. Ẹni tó bá fẹ́ san yóò san. Lọ́jọ́ tí ìdajì àkọ́kọ́ bá wọlé, kọ́kọ́ yọ owó onílù kúrò, kí o má bàa ná an.

8. Fífi iṣẹ́ lélẹ̀, àti ohun tó kàn lẹ́yìn rẹ̀

Fi orin ránṣẹ́ ní WAV, irú fáìlì tí kì í dín ìró kù, ní 48 kHz, 24 bit. Pín in: ìlù lọ́tọ̀, dùrù lọ́tọ̀, ohùn lọ́tọ̀, kí ẹni tó ń po ohùn fíìmù lè dín ìlù kù lábẹ́ ọ̀rọ̀ láìpa gbogbo orin. Fi àkókò tí yóò wọlé sínú orúkọ fáìlì kọ̀ọ̀kan.

Lẹ́yìn náà, kọ àkọsílẹ̀ orin inú fíìmù, èyí tí àwọn oníṣẹ́ ń pè ní cue sheet: orúkọ orin, ẹni tó kọ ọ́, bí ó ṣe gùn tó, àti bóyá ó ní ọ̀rọ̀ tàbí abẹ́ ìran ló wà. Fún pùródúsà ní ẹ̀dà kan, kí o fi ọ̀kan ránṣẹ́ sí ẹgbẹ́ tó ń gba owó orin fún ọ. Irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ ni MCSN (Musical Copyright Society Nigeria), tó gba ìwé àṣẹ lọ́wọ́ NCC, àjọ kópíráìtì ìjọba, ní 2017. Láìsí àkọsílẹ̀ yìí, bí fíìmù náà bá jáde lórí tẹlifíṣọ̀n, kò sí ẹni tí yóò mọ̀ pé tìrẹ ni orin náà.

Ohun kan tún wà tó ti dá ìjà sílẹ̀ láàrin ọ̀pọ̀ ọ̀rẹ́. Orí YouTube ni púpọ̀ nínú fíìmù Yorùbá ń lọ báyìí. Bí o bá gbé soundtrack náà jáde fúnra rẹ nípasẹ̀ ilé-iṣẹ́ tó ń pín orin káàkiri, ẹ̀rọ YouTube lè gbọ́ orin náà nínú fíìmù, kó sì gbà pé pùródúsà ló jí i. Owó fíìmù rẹ̀ yóò bẹ̀rẹ̀ sí í wọlé fún ọ, yóò sì pè ọ́ ní olè. Kí orin tó jáde, kọ̀wé sí ilé-iṣẹ́ náà pé kí wọ́n yọ ìkànnì pùródúsà náà sọ́tọ̀, kí o sì fi ìdáhùn wọn hàn án.

Tọ́jú iṣẹ́ náà sórí háàdì díráìfù méjèèjì, kí ọ̀kan wà ní ilé mìíràn, nítorí iná àti ìkún omi. Má tọ́jú fáìlì ètò nìkan. Yí gbogbo ohùn padà sí WAV ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, nítorí ètò máa ń yí padà. Fíìmù Yorùbá kì í sábà parí sí apá kìn-ín-ní. Lẹ́yìn ọdún méjì, wọ́n á pè ọ́ ní alẹ́ Ọjọ́rú pé àwọn fẹ́ orin ìyá àgbà yẹn fún apá kejì, Ọjọ́ Ẹtì sì ni wọ́n fẹ́ ẹ. Wàá ṣí háàdì, wàá bá agídìgbo lọ́tọ̀ àti ohùn lọ́tọ̀ níbẹ̀, wàá sì mú ìwé àdéhùn tuntun lọ́wọ́ lọ bá wọn.